Fóòmù Tó Jóná Nígun

Àbúrò mi balẹ̀ sókè òkun lálẹ́ àná. Nígbà tó pè mí ní fídíò láàárọ̀ yìí, ó dojú fóònù kọlẹ̀ kí n lè rí ibi tó sùn. Háà! Fóòmù tí áyọ́ọ̀nù jó nígun yẹn náà ni! Mo ti rí i nínú fọ́tò àwọn mẹ́ta rí.

Ọ̀rẹ́ wa tó kọ́kọ́ lọ ló rà á. Nígbà tó rí ilé tirẹ̀, ó fi í sílẹ̀ fún ẹni tó tẹ̀ lé e, onítọ̀hún náà tún fi í sílẹ̀ fún ẹlòmíràn. Bí wọ́n ṣe di mẹ́rin ládùúgbò kan ṣoṣo nìyẹn, bẹ́ẹ̀ ayé fẹ̀ lọ súà. Owó oṣù ibòmíràn jù ú lọ o, mo bá a wò ó. Kò gbọ́. Ó ní ta ló mọ òun níbẹ̀?

Iṣẹ́ tó fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ńkọ́? Ọ̀rẹ́ kọ́ ló bá a rí i, ojúlùmọ̀ ojúlùmọ̀ ni. Mark Granovetter, onímọ̀ nípa àwùjọ ẹ̀dá ní Amẹ́ríkà, kúkú ti kọ ọ́ ní 1973 pé ojúlùmọ̀ lásán ló sábà máa ń gbọ́ ohun tí àwọn tó sún mọ́ni ò gbọ́.

Àbúrò mi ti ń béèrè ẹni tí fóòmù máa kàn. Ẹ̀yin ńkọ́, ta lẹ bá níbẹ̀ nígbà tẹ́ ẹ dé?