Ìtàn tó lè sọ alájọ di olè: ẹ̀kọ́ tí mo kọ́ ní Ọjà Ọba, Àkúrẹ́

Ìtàn lè ṣẹ torí pé àwọn èèyàn gbà á gbọ́, bí kò tilẹ̀ sí òótọ́ kankan nínú rẹ̀ nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ sọ ọ́. Alájọ ni mí ní Ọjà Ọba, Àkúrẹ́. Mo fẹ́ kí ẹ̀yin tí ẹ ń dá àjọ, àti ẹ̀yin tí ẹ ń gbà á, mọ bí irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ṣe ń ṣiṣẹ́, torí iṣẹ́ wa yìí ló tètè máa ń bà jẹ́.

Ẹ wo owó náà ná. Ẹni tó ń dá ₦1,000 lójúmọ́ máa kó ₦30,000 lẹ́yìn ọjọ́ 31. Owó ọjọ́ kan tó kù ni tèmi. Gbogbo owó yẹn kọ́ ló ń sùn nínú àpótí. Òmíràn wà ní báńkì, òmíràn wà nítòsí fún àwọn tó bá fẹ́ gbé tiwọn kí oṣù tó parí, mo sì ti yá àwọn oníbàárà kan lára rẹ̀ kí wọ́n fi kó ọjà. Bí ẹni mẹ́ta bá wá lónìí, kò séwu. Bí gbogbo ọjà bá ya wá lẹ́ẹ̀kan náà, kò sí alájọ tó lè san án, bó ti wù kó jẹ́ olóòótọ́ tó.

Nígbà kan, mo lọ sìnkú ìbátan mi ní Oǹdó. Ẹnìkan rí mi ní gáréèjì pẹ̀lú báàgì ńlá. Kí n tó padà, báàgì ti di ẹrù ilé, ẹrù ilé ti di “Bàbá Alájọ ti kó owó wa lọ.” Èrò ni mo bá níwájú ìsọ̀ mi.

Ẹ má bú wọn. Ẹni tó kọ́kọ́ sáré wá gba owó rẹ̀ kò gọ̀ rárá. Ó rò ó pé bí àwọn yòókù bá ṣáájú òun, òfo lòun máa bá. Ìṣirò rẹ̀ péye. Ṣùgbọ́n bí olúkúlùkù bá ṣe ìṣirò kan náà, alájọ tí kò sá lọ yóò di ẹni tí kò rówó san, ẹni tó pilẹ̀ ìtàn náà á sì máa yangàn pé, “Ṣé mo sọ fún yín?” Robert Merton, onímọ̀ àwùjọ kan ní Amẹ́ríkà, kọ̀wé nípa èyí ní 1948. Báńkì kan tó fi ọkàn ara rẹ̀ dá ló fi ṣàpẹẹrẹ, báńkì tí kò ní àbùkù kankan àfi àhesọ tó wó o. Láàárín 1930 sí 1933, nǹkan bí 9,000 báńkì ló kógbá sílé lọ́hùn-ún, ìbẹ̀rù àwọn tó wá kówó wọn sì wà lára ohun tó fà á. Ní 1983, Douglas Diamond àti Philip Dybvig fi ìṣirò ṣàlàyé rẹ̀: bí àwọn èèyàn bá mọ̀ pé ẹnìkan dúró fún owó wọn, wọn ò ní sáré mọ́. Wọ́n wà lára àwọn tó gba ẹ̀bùn Nobel lórí ọ̀rọ̀ báńkì ní 2022. Ní Nàìjíríà níbí, NDIC, iléeṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ kan, ló ń dúró fún owó ẹni ní báńkì. Láti 2024, iye tó ń dúró fún fún ẹnìkan ní báńkì ti di mílíọ̀nù 5 náírà, kò kọjá bẹ́ẹ̀. Àjọ ò ní NDIC. Ẹnu ará ọjà ni NDIC tiwa.

Torí náà, mi ò kígbe pé “Mi ò sá o.” Ẹni tó bá ń pariwo bẹ́ẹ̀ ń bá wọn tún ìtàn náà sọ ni. Mo gbé tábìlì síta, mo ṣí báàgì, mo fi aṣọ ẹbí òkú tó wà nínú rẹ̀ hàn wọ́n, mo sọ òkú ẹni tí a sin. Lẹ́yìn náà ni mo bẹ̀rẹ̀ sí í san owó. Ìyá kan tó ń ta ata ló wà níwájú. Mo ka tirẹ̀ sí i lọ́wọ́, ó tún un kà, ata ṣì wà ní èékánná rẹ̀. Kò lọ. Ó wo owó náà, ó wò mí, ó ní, “Bàbá Alájọ, ẹ bá mi fi bẹ̀rẹ̀ káàdì tuntun.” Àwọn tó wà lẹ́yìn rẹ̀ gbọ́. Àwọn kan gba tiwọn lọ síbẹ̀, mo sì san án tẹ̀ríntẹ̀rín, ṣùgbọ́n èrò náà tú ká.

Ẹ̀yin alájọ, ìtàn burúkú kì í lọ bí kò bá sí òmíràn tó máa gba ipò rẹ̀. Ẹ sọ ibi tí ẹ lọ, ẹ sọ ìdí rẹ̀, ẹ fi nǹkan tí ojú lè rí tì í lẹ́yìn. Ìtàn rere náà ń ṣiṣẹ́ fún wa: títí dòní, wọ́n ń sọ pé orí ẹnìkan pé bíi ti alájọ Ṣómólú tó ta mọ́tò ra kẹ̀kẹ́, ọ̀rọ̀ yẹn sì ń mú kí oníbàárà tuntun rẹ́rìn-ín, kó sì fọkàn balẹ̀. Síbẹ̀, ojú oníkáàdì ni mo ti ń sàmì sí káàdì.

Àmọ́ ìtàn kì í bí owó. Bí alájọ bá ti ná owó náà, kò sí ọ̀rọ̀ dídùn tó lè dá a padà, àwọn kan sì wà tí wọ́n ń sá lóòótọ́. Ẹ̀yin tí ẹ ń dá àjọ, bí ẹnìkan bá mú irú ìròyìn yìí wá, ẹ bi í pé ta ló rí i, kí ló sì rí gan-an. Ẹ pe alájọ náà. Bí kò bá gbé e, kí ẹni méjì mú káàdì wọn lọ sílé rẹ̀ kí ẹ tó sọ fún ìsọ̀ kejì. Bí ẹ bá sì bá ilé lófìfo, ìyálọ́jà àti ọlọ́pàá ni kẹ́ ẹ lọ bá lọ́jọ́ náà gan-an.