Mo ti rí bàtà o!

Ẹni tó bá yí bàtà ìsáré mi àtijọ́ wò á mọ̀ pé ẹsẹ̀ mi máa ń wó sínú: apá inú ìtẹ̀lẹ̀ rẹ̀ ti jẹ tán, apá ìta ṣì dúró digbí. (Kì í ṣàìsàn o, ẹsẹ̀ gbogbo wa ló ń yí sínú díẹ̀. Tèmi ló pọ̀ jù, orúnkún ló ń jìyà ẹ̀.)

Ni mo bá gba Yábàá lọ, ìdí àwọn olókìrìkà.

"Àǹtí, ẹ mú eléyìí, ó rọ̀ dáadáa."

"Àbúrò, rírọ̀ kọ́ ni mò ń wá."

Bàtà ìsáré Brooks Adrenaline GTS kan ni mo gbé, ti àtijọ́, torí àwọn tuntun ti fi GuideRails (fóòmù tó dúró ti gìgísẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ méjèèjì) rọ́pò fóòmù líle apá inú tó ń gbé ẹsẹ̀ ró. Mo fi àtàǹpàkò tẹ ìtẹ̀lẹ̀ rẹ̀. Fóòmù funfun apá ìta wọlé, aláwọ̀ eérú apá inú kò mira. Mo fún ẹ̀yìn gìgísẹ̀ rẹ̀, kò tẹ̀. Mo lọ́ ọ bí ìgbà tí à ń fún aṣọ, ó kọ̀ fún mi. Ìsàlẹ̀ rẹ̀ náà ò tíì jẹ.

Ó pe ₦35,000, mo ní ₦20,000. A parí ẹ̀ sí ₦26,000, ó tún fi okùn bàtà ṣènì.