Ẹran Tí Ò Fojú Kan Iná

Ẹ bá mi gba màámi mú o. Àǹtí mi, àbúrò màámi tó ń gbé ní Ítálì, wálé sí Iléṣà lóṣù kẹta, ooru mú débi pé ilẹ̀ẹ́lẹ̀ la ń sùn, ni àǹtí bá láwọn máa ṣe sàláàdì tí wọ́n máa ń jẹ lọ́hùn-ún tí oòrùn bá le: èso, ẹran oníyọ̀, ẹ̀pà, kò sí pé à ń dáná rárá. Bí mo ṣe gbọ́ pé kò sí dídáná, mo ti wọ bàtà.

A ra wọ́tàmẹ́lọ̀ àti máńgòrò lọ́jà Àtákúnmọ́sà, a ra kajú yíyan, àǹtí wá já ẹfinrin lẹ́yìnkùlé torí mọ̀lẹ́bí ẹ̀ ni ewé tí wọ́n ń lò lọ́hùn-ún. Màámi rí ẹfinrin lọ́wọ́ wa, wọ́n ní, "Inú ta ló ń run?"

Ẹran yẹn gan-an wá lọ̀rọ̀ wà. Prosciutto ni wọ́n ń pè é, ó wà nínú ọ́rá, ó fẹ́lẹ́ débi pé tó o bá gbé e sókè wàá rí ojú ẹni tó jókòó lódìkejì. Àǹtí bẹ̀rẹ̀ àlàyé pé itan ẹlẹ́dẹ̀ ni, iyọ̀ ni wọ́n fi ń pa á lára, wọ́n á wá gbé e kọ́ síbi tí atẹ́gùn ti ń fẹ́, ó lè lò ju ọdún kan lọ níbẹ̀ kí wọ́n tó gé e.

"Wọn ò wá ní sè é?"

"Rárá, ẹ̀gbọ́n mi."

"Wọn ò yan án? Wọn ò fi èéfín kàn án?"

"Bẹ́ẹ̀ náà la ṣe ń jẹ ẹ́, mà."

Màámi dákẹ́. Ẹni tó bá mọ̀ wọ́n mọ̀ pé kí wọ́n bú èèyàn sàn jùyẹn lọ.

Wọ́n ti mú iná lọ, la bá gbé wọ́tàmẹ́lọ̀ lọ sílé aládùúgbò tó tan jẹnẹrétọ̀, kó lè tutù. Ìgbà tá a máa fi dé, òórùn kọ́rì àti táìmù ló pàdé wa ní géètì. Màámi ti bọ ẹran ọdún kan, wọ́n ti sọ alùbọ́sà, ata rodo àti Maggi sí i, wọ́n tún fi iyọ̀ sí i (iyọ̀ o!), wọ́n wá ń dín in lọ nínú òróró gbígbóná. Ẹran tó fẹ́lẹ́ ọ̀ún ti ká jọ bí èèpo iṣu tó gbẹ lójú oòrùn.

Àǹtí figbe ta. Màámi ò tiẹ̀ wẹ̀yìn. "Mo bá ẹ sè é ni. Mi ò lọ́mọ tí ẹlẹ́dẹ̀ tútù máa pa."

Àǹtí ṣì fọ́n ọn sórí wọ́tàmẹ́lọ̀ ṣá, kí ni wọ́n tún fẹ́ ṣe. Dádì bu ẹyọ kan sẹ́nu, wọ́n wú ikọ́, wọ́n mu omi, wọ́n tún mu omi, wọ́n wá fa abọ́ sọ́dọ̀, wọ́n jẹ gbogbo wọ́tàmẹ́lọ̀ tán kí iyọ̀ tó lè lọ lẹ́nu wọn.

Lálẹ́, màámi pè mí sí kọ̀rọ̀. "Bá mi bi àǹtí ẹ léèrè, ṣé irú ẹran tí wọn ò sè yẹn ló ń jẹ lọ́hùn-ún látọjọ́ yìí? Abájọ tó fi rù báyẹn."