Ohun tí iṣẹ́ olóòtú kọ́ mi nípa kíkọ ìwé eré

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ń kọ eré sinimá ní Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́, ìgbà tí mo kúrò ní òǹkọ̀wé lásán tí mo di olóòtú eré, ìyẹn ẹni tó ń wá owó eré tó sì ń bójú tó bí a ṣe ń ná an, ni mo tó mọ̀ dájú pé gbogbo ohun tí òǹkọ̀wé bá kọ sílẹ̀ ni ẹnìkan yóò sanwó rẹ̀.

Ká ní òǹkọ̀wé kọ ọ́ pé: "Ọjà Akẹ̀sán, lálẹ́. Èrò pọ̀ lọ súà." Bí olóòtú bá ti ń kà á ni yóò ti máa ṣírò iná tí yóò mọ́lẹ̀ dé gbogbo ìsọ̀, ẹ̀rọ amúnáwá àti epo rẹ̀, ọkọ̀ àti oúnjẹ àwọn èrò náà, àṣẹ tí a ó gbà lọ́wọ́ àwọn ìyálọ́jà, àti ariwo ọ̀kadà tí kò ní jẹ́ ká gbọ́ ohùn òṣèré. Bí ó bá jẹ́ pé kókó ìran náà ni ìyá kan tó ń bẹ olówó èlé, ẹ fi ìyá náà sídìí àtẹ rẹ̀ lẹ́yìn tí ọjà ti tú, kí àtùpà kan ṣoṣo wà níwájú rẹ̀, kí a sì máa gbọ́ bí àwọn yòókù ṣe ń palẹ̀ mọ́ láì rí wọn. Lójú tèmi, èyí dára ju ti àkọ́kọ́ lọ, owó ibẹ̀ ìbáà má tilẹ̀ dín, nítorí pé ojú ìyá náà ni òǹwòran yóò máa wò. Ṣùgbọ́n bí ìtàn kò bá lè dúró láìsí èrò ọjà, ẹ má ṣe yọ wọ́n. Ibòmíràn ni kí ẹ ti wá owó náà.

Láyé àwọn ẹgbẹ́ alárìnjò, àwọn eléré tó ń ti ìlú dé ìlú, irú ti Oyin Adéjọbí, wọn kì í kọ gbogbo ọ̀rọ̀ sílẹ̀ nígbà náà. Wọ́n á la ìtàn sílẹ̀, òṣèré á sì fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ìyókù. Ẹ̀bùn ńlá ni, mi ò sì fẹ́ kó parun. Àmọ́ níbi tí a ti ń san owó kámẹ́rà lójoojúmọ́, ìgbà ìdánrawò ni kí ẹ jẹ́ kí òṣèré tó gbọ́ ẹ̀ka-èdè Ọ̀yọ́ dáadáa tún ọ̀rọ̀ yín sọ, kí ẹ sì kọ èyí tó bá dùn jù sílẹ̀.

Gbogbo èyí yóò mú kí ẹ máa tún ìwé kọ léraléra. Nítorí náà, ẹ jẹ́ kí iye àtúnkọ àti owó rẹ̀ hàn nínú àdéhùn. Bí ẹnikẹ́ni bá sì ní kí ẹ gbé ẹ̀tọ́ orí ìtàn náà fún òun, òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ Nàìjíríà ti ọdún 2022 sọ pé kíkọ ni a gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sílẹ̀.