Ẹ yéé gbá góòlù dànù mọ́ pàǹtí

Ẹ̀yin alágbẹ̀dẹ wúrà ẹlẹgbẹ́ mi, ọ̀rọ̀ yìí ti ń ká mi lára tipẹ́. Tí mo bá rí ọmọ iṣẹ́ tó gbálẹ̀ ṣọ́ọ̀bù tán tó kó gbogbo ẹ̀ dà sí dọ́sítíbìn, ó máa ń dùn mí gan-an, torí góòlù wà níbẹ̀, ó wà nínú sáńpépà tó ti gbó, nínú búrọ́ọ̀ṣì tá a fi ń mú òrùka dán, kódà nínú omi tá a fi fọwọ́. Òrùka 18 kárátì tẹ́ ẹ fi fáìlì fá, ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin ohun tó bọ́ sílẹ̀ yẹn góòlù gidi ni. Àwọn tó ń wá ra pàǹtí yìí lọ́wọ́ yín ní pọ́ọ́kú mọ ohun tí wọ́n ń rà.

Ẹ kọ́kọ́ sun ún di eérú, kí ìwé, irun àti òróró inú ẹ̀ jóná tán pátápátá. Ẹ kù ú, ẹ fi òòfà kó irin fáìlì àti abẹ ayùn tó kán kúrò, kẹ́ ẹ wá fi bọ́ráàsì, ìyẹn ìyẹ̀fun funfun tó ń kó ìdọ̀tí jọ, yọ́ ọ, ìdọ̀tí á léfòó, góòlù á lọ sísàlẹ̀.

Ibi tó ṣòro nìyí o, ìyẹn bẹ́ ẹ ṣe máa fi ásíìdì yọ fàdákà àti bàbà tó pò mọ́ góòlù kúrò. Ásíìdì nitric ò lè jẹ fàdákà àti bàbà inú 18 kárátì tán, góòlù ti pọ̀ jù níbẹ̀, ó bò wọ́n mọ́lẹ̀, àfi kẹ́ ẹ fi fàdákà kún un títí góòlù á fi ku ìdá kan nínú mẹ́rin, kẹ́ ẹ dà á sínú omi tútù nígbà tó ṣì ń ṣàn kó lè rí wẹ́wẹ́. Nígbà yẹn ásíìdì á ráyè wọlé, góòlù á ṣẹ́kù sísàlẹ̀, àwọ̀ ẹ̀ á rí bí amọ̀, ẹ má dà á nù, tó bá ti yọ́ ní 1064 °C á padà pọ́n. Fàdákà yín náà ò sọnù, ẹ ki bàbà bọ inú omi ásíìdì yẹn, bàbà á yọ́ wọnú ẹ̀, fàdákà á bọ́ jáde.

Ṣùgbọ́n èéfín pupa tó ń jáde nígbà tí ásíìdì bá ń jẹ fàdákà àti bàbà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣọ́ra fún un! Ẹ lè fà á símú kẹ́ ẹ máa rò pé kò ṣe nǹkan kan, ó di wákàtí mélòó kan kí omi tó kún ẹ̀dọ̀fóró, aṣọ tẹ́ ẹ fi bo imú ò lè dá a dúró. Ìta gbangba ni kẹ́ ẹ ti ṣe é, kí atẹ́gùn máa gbé e lọ, kí ọmọdé má sí nítòsí. Omi aláwọ̀ búlúù tó kù kò gbọdọ̀ dé gọ́tà o, ẹ ju irin sínú ẹ̀ kí bàbà tún bọ́ sílẹ̀, kẹ́ ẹ fi sódà pa agbára ásíìdì ẹ̀.