Ìdájọ́ gbèsè tó ti lé lọ́dún 6: ohun tí iṣẹ́ lọ́yà kọ́ mi ní London

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọ iṣẹ́ gbèsè gbígbà, ọdún 6 ni mo fẹ́ bá yín sọ. Ajigbèsè á ní gbèsè ti kú, torí orúkọ òun ti kúrò nínú àkọsílẹ̀ ìdájọ́ tí báńkì ń yẹ̀ wò. Ìyá tó kó owó àjọ rẹ̀ yá a náà á gbé ìwé ìdájọ́ tó ti gbó wá bá wa, á ní òun ti gba kámú. Àwọn méjèèjì ló ṣì í. Orúkọ ń kúrò níbẹ̀ lẹ́yìn ọdún 6 lóòótọ́, àmọ́ gbèsè ò tìtorí ìyẹn di sísan.

Abala 24 nínú Limitation Act 1980, òfin ilẹ̀ England tó ń sọ iye àkókò tí èèyàn ní láti pe ẹjọ́, ló ń kó ìdààmú bá èèyàn. Ó ní kí ẹnikẹ́ni má ṣe pe ẹjọ́ lórí ìdájọ́ tó bá ti lé lọ́dún 6. Ẹjọ́ ni òfin wí o. Nínú ẹjọ́ Lowsley v Forbes, ọdún 1981 ni wọ́n ti gba ìdájọ́, ó di 1992 kí àwọn tó jàre tó wá fi lé owó wọn. Lọ́dún 1998, House of Lords, kóòtù tó ga jù nígbà náà, ní ẹni tó ń fi ìdájọ́ tó wà nílẹ̀ gba owó kò pe ẹjọ́ tuntun, abala 24 ò dí i lọ́wọ́. Èlé ni wọ́n gé: ti ọdún 6 péré. Ẹ wò ó báyìí: gbèsè £10,000, èlé 8 nínú ọgọ́rùn-ún, £800 nìyẹn lọ́dún. Ẹni tó jókòó fún ọdún 11, £4,800 ni èlé tó lè gbà, kì í ṣe £8,800. Mi ò mọ bí ẹ ṣe fẹ́ ṣàlàyé £4,000 tó lọ yẹn fún ìyá yẹn.

Tí ẹ bá fẹ́ rán bélíìfù, ẹni tó ń lọ gbẹ́sẹ̀ lé ẹrù ajigbèsè, lẹ́yìn ọdún 6, ẹ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gbàyè lọ́dọ̀ adájọ́, CPR 83.2, ìyẹn ìlànà kóòtù, ló sọ bẹ́ẹ̀. Àyè yẹn ò rọrùn. Nínú ẹjọ́ Patel v Singh, lọ́dún 2002, Court of Appeal, ìyẹn kóòtù kòtẹ́milọ́rùn, ní bí kò bá sí ohun tó mú ọ̀rọ̀ náà yàtọ̀, ọdún 6 tó ti kọjá nìkan tó láti fi kọ̀. "Ọwọ́ wa dí" kì í ṣe ìdí. Bí ajigbèsè bá ń san díẹ̀díẹ̀ kó tó dáwọ́ dúró, tàbí tó ń sá kiri, ẹ kó ẹ̀rí rẹ̀ síwájú adájọ́: ọjọ́ tó sanwó kẹ́yìn, lẹ́tà tó padà wá, iye tó kù gan-an. Ajigbèsè kì í sábà sí níbẹ̀ nígbà tí ẹ bá ń bẹ̀bẹ̀ yìí, nítorí náà ẹ fẹnu ara yín sọ ohun tí ì bá sọ, títí kan èyí tó lè ṣàkóbá fún yín. Mi ò fi èyí ṣeré rárá.

Kí ẹ tó mú fọ́ọ̀mù N244 tí a fi ń tọrọ àyè náà, ẹ wo Land Registry, níbi tí wọ́n ń kọ orúkọ ẹni tó ni ilé àti ilẹ̀ sí, ná. Bí ajigbèsè bá ní ilé, ẹ lè tọrọ charging order lórí rẹ̀, ìyẹn àṣẹ kóòtù tó ń so gbèsè mọ́ ilé náà. Ìyẹn ò nílò àyè yẹn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé adájọ́ ṣì lè béèrè ohun tó fa ìdádúró. Bó bá sì jẹ́ ilé-iṣẹ́ ló jẹ gbèsè, ẹjọ́ Ridgeway Motors, lọ́dún 2005, fi hàn pé abala 24 ò ní ká má fi ìdájọ́ àtijọ́ tọrọ pé kí kóòtù tú u ká.

Bí adájọ́ bá fún yín láyè, ẹ gba ìwé bélíìfù jáde kíá. Bí ọdún 1 bá fi kọjá tí ẹ ò gbà á, àyè náà ti bọ́ nìyẹn, ẹ ó tún padà lọ bẹ̀bẹ̀.