Nígbà Tí Ẹ̀rọ Omi Gbígbóná Kò Bá Gbóná Mọ́

Ẹ̀rọ omi mímu (dispẹ́ńsà) tó wà nílé wa ṣàdédé kọ̀ láti gbé omi gbígbóná jáde, bẹ́ẹ̀ súìṣì pupa ẹ̀yìn rẹ̀ wà ní títàn. Mo yọ ọ́ kúrò lára iná, mo jẹ́ kí omi inú rẹ̀ tutù, mo sì ṣí ẹ̀yìn rẹ̀.

Tẹmosítáàtì méjì, ìyẹn ohun kékeré tó ń ṣọ́ bí ooru ṣe pọ̀ tó, ló wà lára táǹkì kékeré tí omi ti ń gbóná: ọ̀kan ń pa iná nígbà tí omi bá gbóná tó, èkejì sì ń já iná pátápátá bí ooru bá kọjá ààlà, pàápàá bí ẹnikẹ́ni bá tan ẹ̀rọ náà láìsí omi nínú táǹkì. Èkejì yìí ló já. Mo tẹ bọ́tìnnì àárín rẹ̀ wọlé. Mo tún fi mítà tí a fi ń wọn iná wo ẹ́límẹ́ǹtì, ìyẹn irin tó ń mú omi gbóná, bóyá ó ṣì dára, nítorí pé èyí tó jẹ́ 500 wáàtì lórí iná 230 fólítì yẹ kó fi nǹkan bí 106 óòmù (ìwọ̀n bó ṣe ń dí iná lọ́wọ́) hàn.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má ṣe so wáyà tẹmosítáàtì pọ̀ tààrà láti fò ó kọjá bí àwọn kan ti ń ṣe. Tẹmosítáàtì yìí ló ń dènà kí ilé má baà jóná. Kí ẹ tó tan súìṣì padà, ẹ rí i pé omi ń ṣàn jáde lẹ́nu ọ̀nà omi gbígbóná.